Ohùn Súmbọ̀, Ojú Monica

Èmi nìkan ni mo rí i. Ẹnikẹ́ni tó bá sọ fún yín pé òun náà wà níbẹ̀, ẹ wo ẹnu ẹ̀ dáadáa, irọ́ ló wà nínú ẹ̀. Nínú gbogbo Jọ́ọ̀sì, láti Bùkúrù títí dé Àpáta, ojú méjì péré ló rí ohun tí Ọ̀gá Christopher fọwọ́ ara ẹ̀ ṣe nírọ̀lẹ́ Sọ́ńdè yẹn, orí èmi Lùkúmọ̀n ni ojú méjèèjì sì wà. Súmbọ̀ tí wọ́n ṣe é níṣojú ẹ̀ náà rí i, àmọ́ ta ló ń gba ẹ̀rí ẹni tí wọ́n fẹ̀sùn kàn? Inú ń bí mi. Bí ẹ bá gbé ìkòkò omi lé mi láyà báyìí, kẹ́ ẹ tó ka ẹ̀ta, ẹ ti lè fi te ẹ̀bà.

Ọdún 1978 ni, oṣù Kejìlá, òtútù sì ń bu èèyàn jẹ bí ajá. Àwa mẹ́ta la jọ ń kọrin. Èmi ló ń lu agídìgbo, kò sì sẹ́ni tó mọ̀ ọ́n lù tó mi láti Jọ́ọ̀sì dé Mẹ́kà. Ará Ògbómọ̀ṣọ́ làwọn òbí mi, bàbá mi ń ta abọ́ ní Tina Junction. Rẹ̀mí ló ń ta gìtá. Rẹ̀mí kì í sọ̀rọ̀, láàárín ọdún mẹ́rin tá a fi ṣọ̀rẹ́, gbólóhùn mọ́kànlá ló ti ẹnu ẹ̀ jáde, mẹ́fà nínú ẹ̀, "Ṣé oúnjẹ wà?" Bàbá àgbà ẹ̀ ni Baba Ọ̀pádọ̀tun, olórí àwọn oníṣòwò Ògbómọ̀ṣọ́ ní Jọ́ọ̀sì, tó ti ń ta aṣọ níbẹ̀ látìgbà tí òyìnbó ṣì ń wa kùsà. Baba ló ra gìtá yẹn fún wa. Nítorí náà, orin yòówù ká kọ, a gbọ́dọ̀ ki Baba nínú ẹ̀.

Ẹnì kẹta ni Súmbọ̀. Ọmọ Tíṣà Julius ni, ará Oǹdó tí ìjọba gbé wá sí Plateau wá kọ́ ọmọ níwèé, Tudun Wada ni wọ́n ń gbé. Àkọ́bí ni Súmbọ̀, ìyá bàbá ẹ̀ sì ní àkọ́bí Oǹdó kì í lọ lásán: ilà kan gbọọrọ ní ẹ̀rẹ̀kẹ́ ọ̀tún, ọ̀kan gbọọrọ ní tòsì. Ohùn ẹ̀ ńkọ́? Wàláhì, tí Súmbọ̀ bá lanu, àwọn ẹyẹ orí igi á máa bẹ ara wọn pé kí wọ́n dákẹ́. Mo ti rí màlúù Fúlàní mẹ́tàdínlógún tí wọ́n dúró sójú títì tí wọn ò jẹko mọ́ nítorí ohùn ọmọ yẹn. Fúlàní tó dà wọ́n fúnra ẹ̀ gbàgbé orúkọ ìyá ẹ̀.

Tíṣà Julius ò fẹ́ orin rárá. Súmbọ̀ bẹ̀ ẹ́ títí kó tó gbà, bó sì ṣe gbà á nìyí: "Máa kọ ọ́. Àmọ́ ọjọ́ tí mo bá gbọ́ ẹjọ́ kan ṣoṣo nípa orin yìí, ilẹ̀ ọjọ́ kejì ò ní mọ́ bá ẹ nílé mi. Oǹdó lò ń lọ, lọ́dọ̀ ìyá àgbà. Iṣẹ́ ìjọba ni mò ń ṣe, èmi ò bá ọlọ́pàá rìn."

Jọ́ọ̀sì ni wọ́n bí Súmbọ̀ sí. Hausa dùn lẹ́nu ẹ̀ ju Yorùbá lọ. Kò mọ ẹnì kan l'Óǹdó àyàfi ìyá àgbà, ìyá àgbà sì ti sọ pé ẹni tó bá máa gbé ọ̀dọ̀ òun, inú ṣọ́ọ̀ṣì nìkan ni yóò ti kọrin, kó sì rọra kọ ọ́. Ẹ rí i báyìí? Ẹjọ́ kan péré ló wà láàárín Súmbọ̀ àti kí orin ẹ̀ parí.

Ilé tẹlifíṣọ̀n kan wá pè wá. Mi ò ní dárúkọ ẹ̀. Tí mo bá dárúkọ ẹ̀ pẹ̀lú inú tó ń bí mi yìí, ògiri ẹ̀ á wó. Wọ́n ní ètò kan níbẹ̀ tó ń jẹ́ Jámbórì Sọ́ńdè, aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́. Olórin á wá, aláwàdà á wá, onípidánpidán á yọ ẹyẹlé nínú fìlà. Bẹ́ ẹ bá ṣe ń ṣe é níbẹ̀ náà ni wọ́n ń rí i nílé lójú ẹsẹ̀. Ọ̀gá Christopher ló ni ètò náà níkàáwọ́. Ọmọ Èkìtì ni. Ṣòkòtò ẹ̀ fẹ̀ nílẹ̀ débi pé ibi tó bá gbà kọjá, ẹ ò ní fi ìgbálẹ̀ kàn án mọ́ lọ́sẹ̀ yẹn.

Bí wọ́n ṣe ń ṣe orin níbẹ̀ rèé. Lọ́jọ́rú, ẹ óò wá kọrin yín sínú téèpù. Tó bá wá di Sọ́ńdè, wọ́n á tan téèpù ọ̀hún nínú yàrá kékeré kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ sítúdíò, àpótí sípíkà ńlá kan nínú sítúdíò á máa gbé ohùn jáde, ẹ̀yin á wá dúró níwájú kámẹ́rà, ẹ ó kàn máa lanu, ẹ ó máa fọwọ́ pa gìtá lórí bí ẹni ń pa ọmọ lórí. Kò gbọdọ̀ dún. Àwọn tó wà nílé á rò pé ẹ̀ ń kọ ọ́ ni.

Lọ́jọ́rú, Súmbọ̀ kọ ọ́. Orin Baba ni: "Òtútù Jọ́ọ̀sì ń mú wa o, Ọ̀pádọ̀tun aláṣọ, wá bò wá." Ọ̀gá Christopher yọ gíláàsì ojú, ó nu ojú. Ó sunkún tó garawa kan. Ó dáa, ó sunkún díẹ̀.

Nígbà tó di Sọ́ńdè, ó wo Súmbọ̀ nínú kámẹ́rà, ó pòṣé.

"Ta lẹni yìí?"

"Èmi ni mo kọrin, sà," Súmbọ̀ dá a lóhùn.

"Mo mọ̀. Lọ́jọ́rú, etí ni mo fi ń wò ẹ́. Lónìí, ojú ni. Ilà yìí ò lè wọ tẹlifíṣọ̀n mi. Ó gùn bí ojú irin rélùwéè. Àwọn èèyàn á rò pé ẹ̀rọ àwọn ló bàjẹ́, wọ́n á bẹ̀rẹ̀ sí í gbá a lábàrá."

Àwọn tó ń tan iná rẹ́rìn-ín. Súmbọ̀ ò rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Ṣé kí n lọ yá ojú ẹlòmíì ni, sà?"

"Ìwọ kọ́ lo máa yá a. Èmi ti yá a."

Ló bá pe Monica. Ọmọ Pankshin, ní Plateau níbẹ̀, ni Monica, ó máa ń jó lẹ́yìn àwọn olórin nínú ètò náà. Ojú ẹ̀ dán bí abọ́ tuntun. Gbogbo Yorùbá tó gbọ́ ò ju "ẹ káàbọ̀" àti "ó tó" lọ.

Mo ní, "Kái! Ẹ̀gbọ́n Christopher, hábà! Ẹ̀yin náà ọmọ Yorùbá, ẹ wá ń..."

"Ta lẹ̀gbọ́n ẹ? Ṣé abọ́ la jọ ń tà ni?"

Ọwọ́ mi ti di ẹ̀ṣẹ́. Tí mo bá gbá a lẹ́ṣẹ̀ẹ́ yẹn, Èkìtì ló máa ti jí. Súmbọ̀ ló dì mí lọ́wọ́ mú. Ó fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó ní, "Lùkúmọ̀n, dákun. Tá a bá jà, bàbá mi á gbọ́. Ohùn mi náà ṣáà ni. Jẹ́ ó lọ."

Ẹ gbọ́ ohun tó dùn mí jù. Súmbọ̀ fúnra ẹ̀ ló jókòó ti Monica lórí bẹ́ǹṣì, tó ń kọ́ ọ bó ṣe máa lanu. Ó ń fi Hausa ṣàlàyé fún un. "Níbí, fẹ ẹnu. Níbí, rẹ́rìn-ín díẹ̀." Monica ń tọrọ àforíjì, ó ní òun kọ́ ló sọ pé kí wọ́n ṣe bẹ́ẹ̀. Mi ò bínú sí Monica. Ohun kan ṣoṣo ni Súmbọ̀ bẹ Ọ̀gá Christopher: kó jẹ́ kí òun dúró nínú yàrá kékeré tí téèpù wà, kóun gbọ́ ohùn ara òun. Ọ̀gá Christopher ní kó má fọwọ́ kan nǹkan kan.

Aago mẹ́rin lù. Baba Ọ̀pádọ̀tun ni àlejò ètò ọjọ́ náà. Wọ́n fẹ́ bi í léèrè bí Jọ́ọ̀sì ṣe rí láyé àtijọ́. Ó jókòó sórí àga ní ẹ̀gbẹ́ kan, agbádá ẹ̀ bo àga, ó bo àga kejì. Ọ̀gá Christopher wà lẹ́yìn gíláàsì yàrá tí wọ́n ti ń darí ètò, ó gbé ọwọ́ sókè, ó sọ ọ́ kalẹ̀. Téèpù bẹ̀rẹ̀ sí í yí. Ohùn Súmbọ̀ jáde, ẹnu Monica là. Rẹ̀mí ń pa gìtá lórí. Mo ń pa agídìgbo lórí. Gbogbo Jọ́ọ̀sì ń wò wá.

Orin wá débi tí wọ́n ti dárúkọ Baba.

Ẹ̀yin náà, ẹ dáhùn. Àgbà wo ni wọ́n máa kì nínú orin, tí á jókòó? Baba ò tíì dé ilé tẹlifíṣọ̀n rí láyé ẹ̀, kò sẹ́ni tó sọ fún un pé èèyàn kì í dìde lórí àga yẹn àfi tí wọ́n bá pè é. Ó gbọ́ "Ọ̀pádọ̀tun aláṣọ", ó dìde. Ó ki ọwọ́ bọ àpò, ó yọ náírà kan, ó tutọ́ sí i, ó sì ń bọ̀ tìrìgbọ̀n-tìrìgbọ̀n láàárín iná àti kámẹ́rà, ó fẹ́ lẹ̀ ẹ́ mọ́ olórin níwájú orí.

Èmi àti Rẹ̀mí rí i pé ó ń bọ̀. Bàbá tó bí bàbá Rẹ̀mí! Bàbá tó ra gìtá! Ara wa ò bi wá léèrè. Gbìì, a ti dọ̀bálẹ̀. Rẹ̀mí sùn lé gìtá lórí, agídìgbo mi yí lọ sábẹ́ àga.

Orin ò dúró.

Gìtá ń dún lábẹ́ ikùn ẹni tó sùn lé e. Agídìgbo ń dún lábẹ́ àga, láìsí ọwọ́ kankan lára ẹ̀. Ọ̀gá Christopher tó wà lẹ́yìn gíláàsì, ara tòun náà ti dọ̀bálẹ̀ kó tó rántí pé òun ni ọ̀gá. Iwájú orí ẹ̀ gbá gíláàsì, gbàù! Mo gbọ́ ọ. Monica rò pé ijó tuntun ni, ó ń jó yí wa ká, ó ń lanu.

Baba dúró níwájú ẹ̀ tòun ti náírà lọ́wọ́. Ó wo ẹnu ẹ̀. Ó ní, "Ọmọ mi, ìwọ kọ́ lò ń kọ orin yìí."

Monica rí àgbà tó ń bá a sọ̀rọ̀, ó pa ẹnu dé, ó tẹrí ba, ó fi Hausa kí i. "Sannu, Baba."

Orin ṣì ń lọ.

"Ohùn Súmbọ̀ nìyí, ọmọ tíṣà," Baba wí. "Súmbọ̀ dà? Níbo lẹ fi iwájú orí ẹ̀ sí?"

Baba bá fetí sílẹ̀, ó ń tẹ̀ lé ohùn náà lọ díẹ̀díẹ̀, ó ń tẹ etí sọ́tùn-ún, ó ń tẹ etí sósì, títí tó fi dé ìdí àpótí sípíkà. Ó gbọ́ Súmbọ̀ nínú ẹ̀. Ló bá lẹ náírà náà mọ́ àpótí lójú, pẹ́! Ó ní, "Ọlọ́run á dá ohùn yìí sí, ọmọ mi. Níbi yòówù tí wọ́n bá fi ẹ́ pamọ́ sí."

Ẹ̀rín tí Jọ́ọ̀sì rín lọ́jọ́ yẹn, wọ́n gbọ́ ọ ní Kàdúná. Ojú ẹsẹ̀ ni wọ́n gbé àwòrán òkè kan sójú tẹlifíṣọ̀n, wọ́n kọ ọ́ sí i pé kí àwọn èèyàn ní sùúrù. Wọ́n pa iná ńlá. Baba na ọwọ́ sí Rẹ̀mí, ó gbé e dìde, Rẹ̀mí mú un jáde. Monica sá jáde tẹkúntẹkún. Àwọn tó ń tan iná tẹ̀ lé Baba, wọ́n ń bẹ̀ ẹ́.

Èmi ṣì wà nílẹ̀. Ẹ ò bi mí pé kí ló dé? Baba ò tíì sọ fún èmi pé kí n dìde. Ọmọ tí wọ́n kọ́ ni mí. Ẹ̀rẹ̀kẹ́ mi wà lórí sìmẹ́ńtì, ojú mi kọ sí ẹnu ọ̀nà yàrá kékeré yẹn, ìlẹ̀kùn sì ṣí sílẹ̀. Níbí yìí, ẹ fetí sílẹ̀, mi ò ní fi nǹkan kan kún un.

Ọ̀gá Christopher wọlé. Téèpù ṣì ń yí, Súmbọ̀ dúró tì í, ojú ẹ̀ ń dán, ẹ̀rín wà lẹ́nu ẹ̀ torí ohun tí Baba sọ. Ọ̀gá Christopher pa ẹ̀rọ. Ó yọ àwo téèpù náà, ó fà á jáde, ó ń fà á títí tó fi dà sílẹ̀ bíi koríko. Ó já a ní méjì. Ó fi bàtà tẹ èyí tó wà nílẹ̀. Súmbọ̀ kó ọwọ́ méjèèjì sẹ́yìn. Ó ní, "Sà, ohùn mi nìyẹn." Ọ̀gá Christopher ní, "Ohùn ẹ? Ó dáa. Wá kó o."

Ó tán. Kò sí òmíràn. Téèpù kan ṣoṣo yẹn ni wọ́n gbà á sí.

Tó bá jẹ́ ibẹ̀ ló parí sí, ǹ bá kàn máa bínú lásán. Àmọ́ téèpù ìjọba ni, ẹni tó bà á jẹ́ á ro tẹnu ẹ̀. Ní Mọ́ńdè, lẹ́yìn tí wọ́n jáde níléèwé, Ọ̀gá Christopher gba ilé Tíṣà Julius lọ ní Tudun Wada, pẹ̀lú ìwé ẹ̀sùn lọ́wọ́. Ó ní Súmbọ̀ ló jowú Monica, tó wọ yàrá lọ fa téèpù ìjọba ya. Ó ní òun ò fẹ́ ti ọlọ́pàá, kí wọ́n ṣáà má jẹ́ kí òun rí ọmọ náà mọ́.

Súmbọ̀ ní, "Irọ́ ni, Bàbá. Lùkúmọ̀n wà níbẹ̀. Ẹ pè é."

Wọ́n pè mí. Mo dọ̀bálẹ̀. Tíṣà Julius jókòó sídìí tábìlì, ìwé òfìfo wà níwájú ẹ̀, ó mú báírò pupa tó fi ń máàkì dání. Ọ̀gá Christopher jókòó sí ìhà kejì, ó gbé ẹsẹ̀ lé ẹsẹ̀. Súmbọ̀ dúró lẹ́nu ọ̀nà yàrá.

"Lùkúmọ̀n," Tíṣà ní, "sọ ohun tó o rí. Èmi á kọ ọ́ sílẹ̀. Má fi iyọ̀ sí i."

Mo fẹ́ sọ ọ́ bó ṣe rí. Ọlọ́run gbọ́. Àmọ́ mo wo ojú Ọ̀gá Christopher, mo rí bó ṣe ń mi ẹsẹ̀, inú bí mi débi pé òtítọ́ ọ̀hún kéré lójú mi. Ọkùnrin kan fa téèpù ya: ta nìyẹn máa bí nínú? Mo fẹ́ kí inú bí bàbá ẹ̀ bó ṣe ń bí mi. Ni mo bá ní téèpù tó fà yọ gùn láti ibẹ̀ dé Bùkúrù. Mo ní eyín ló fi já a bí ìkookò, itọ́ ń yọ lẹ́nu ẹ̀. Mo ní ó yọ ọ̀bẹ sí Súmbọ̀.

Báírò dúró. "Ọ̀bẹ?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, sà. Tó báyìí... kò fi bẹ́ẹ̀ tóbi, sà."

"Lùkúmọ̀n. Ṣé o rí ọ̀bẹ?"

Ọ̀gá Christopher ń rẹ́rìn-ín. Mo ní, "Mi ò rí ọ̀bẹ, sà."

Tíṣà fa igi pupa kan. "Eyín ńkọ́?"

"Ọwọ́ ló fi já a, sà."

Ó fa òmíràn. "Ìwọ yìí kan náà lo sọ fún mi lọ́dún tó kọjá pé o rí kìnnìún tó ń ra ẹran súyà. Tí ọ̀bẹ bá jẹ́ irọ́, tí eyín bá jẹ́ irọ́, kí ló kù tí mo máa gbà?"

"Ọwọ́, sà! Ọwọ́ ló kù! Ọwọ́ ẹ̀ ló fi fà á, Súmbọ̀ kó ọwọ́ sẹ́yìn, kò fọwọ́ kàn án, ẹ fi Àlùkùránì búra fún mi, sà..."

Tíṣà ti fi ìdérí dé báírò. Súmbọ̀ ń wò mí. Kò pariwo. Ó ní, "Lùkúmọ̀n, ìwọ nìkan ni mo ní. Kí lo mú ọ̀bẹ wá ṣe?"

Mo sáré lọ bá Baba Ọ̀pádọ̀tun lọ́jọ́ yẹn kan náà, mo ní kó gbà wá. Baba ní òun mọ̀ pé Súmbọ̀ ló kọrin, òun á sọ ìyẹn níbikíbi, àmọ́ òun ò lè jẹ́rìí sí yàrá tí òun ò wọ̀. Rẹ̀mí sọ gbólóhùn kejìlá: "Mo ti jáde nígbà yẹn."

Ní Túsìdeè, kí oòrùn tó mú, Tíṣà Julius fúnra ẹ̀ mú Súmbọ̀ lọ sí gáréèjì mọ́tò Oǹdó. Mo lọ. Wọ́n ti so àpótí ẹ̀ mórí mọ́tò. Mo rò pé Súmbọ̀ á bú mi, mo sì ti múra sílẹ̀ fún un. Kò bú mi. Ó kàn wo iwájú títí mọ́tò fi gbéra, ilà ẹ̀rẹ̀kẹ́ ẹ̀ kan kọ sí mi níbi fèrèsé. Ọ̀gá Christopher ṣì ń ṣe ètò ẹ̀ ní gbogbo Sọ́ńdè. Ṣòkòtò ẹ̀ ṣì ń gbálẹ̀.

Mo ti ń sọ ọ́ káàkiri látìgbà yẹn. Tí mo bá sọ ọ́ ní Àpáta, wọ́n á rẹ́rìn-ín, wọ́n á ní, "Lùkúmọ̀n, kìnnìún yẹn ńkọ́?" Ẹ̀yin náà, mo mọ̀ pé ẹ ti ń ro ti màlúù mẹ́tàdínlógún yẹn. Ẹ da màlúù nù. Ẹ da garawa ẹkún nù, ẹ da ẹ̀rín tí wọ́n gbọ́ ní Kàdúná nù, ẹ kó gbogbo ẹ̀ dà sínú kòtò kùsà. Mo yọ̀ǹda ẹ̀. Ẹyọ kan ni mo ní kẹ́ ẹ mú: ọwọ́ Christopher ló fa téèpù yẹn, ọwọ́ Súmbọ̀ wà lẹ́yìn ẹ̀. Ìyẹn ò gùn dé Bùkúrù, kò ní eyín, kò ní ọ̀bẹ. Ẹ gbà á gbọ́. Mi ò bẹ̀ yín o, mo ní ẹ gbà á gbọ́!